Bí Etí Aláṣẹ Ṣe Di: Láísẹ́ǹsì Oníṣọ́ọ̀bù àti Ẹ̀tọ́ Láti Ro Ẹjọ́ Ẹni

Lọ́dún 1950, ẹjọ́ oníṣòwò aṣọ kan láti erékùṣù Ceylon, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Sri Lanka lónìí, dé iwájú ìgbìmọ̀ adájọ́ Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù. Nakkuda Ali ni orúkọ tí ẹjọ́ náà ń jẹ́ títí di òní. Aṣọ ti ṣọ̀wọ́n lásìkò Ogun Àgbáyé Kejì, ìjọba amúnisìn sì ti fi kúpọ́nù sé ọjà aṣọ: ẹni tó bá fẹ́ ra aṣọ gbọ́dọ̀ mú owó wá, kó sì mú kúpọ́nù wá pẹ̀lú. Oníṣòwò á ka kúpọ́nù tó gbà, á kó o lọ sí báńkì bí ẹni ń kó owó lọ, wọ́n á sì kọ iye rẹ̀ sínú ìwé. Ẹni tí kò bá ní láísẹ́ǹsì kò lè wọ inú ètò yìí rárá. Ọ̀gá tó ń ṣàkóso ọjà aṣọ ní erékùṣù náà wá fura pé wọ́n ti yí nǹkan padà nínú ìwé kúpọ́nù ọkùnrin yìí. Ó kọ lẹ́tà sí i pé kó wá wí tẹnu rẹ̀, ọkùnrin náà fèsì, àmọ́ èsì náà kò tẹ́ ọ̀gá lọ́rùn. Ó fagi lé láísẹ́ǹsì rẹ̀.

Òfin tí ọ̀gá náà dúró lé, tí wọ́n ṣe ní 1945, sọ pé tó bá ní ìdí tó mọ́gbọ́n dání láti gbà pé oníṣòwò kan kò yẹ lẹ́ni tó lè máa tà, ó lè gba láísẹ́ǹsì rẹ̀. Ìdájọ́ tí Lord Radcliffe kà sọ nǹkan méjì. Èkíní dùn ún gbọ́: ìdí náà gbọ́dọ̀ wà ní tòótọ́, kò tó kí ọ̀gá kan ṣáà sọ pé òun ní in. Èkejì ló ba nǹkan jẹ́. Wọ́n ní ẹni tó ń fagi lé láísẹ́ǹsì kò dá ẹjọ́ kankan. Oore tí ìjọba ṣe fún ènìyàn ló ń gbà padà. Nítorí náà dandan tó de adájọ́ kò dè é, ilé ẹjọ́ kò sì lè fi àṣẹ tí wọ́n fi ń pa ìdájọ́ rẹ́ pa ìpinnu rẹ̀ rẹ́. Wọ́n fi kún un pé, bó ti wù kó rí, wọ́n ṣáà ti fún ọkùnrin náà láyè láti ṣàlàyé ara rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kejì yìí ló gbé ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ mì. Bí kò bá sí dandan láti gbọ́ tẹnu ẹni náà, tí kò sì sí ọ̀nà tí ilé ẹjọ́ lè gbà pa ìpinnu náà rẹ́, ta ni yóò wá yẹ ìdí ọ̀gá wò bóyá ó mọ́gbọ́n dání? Ọ̀rọ̀ oore yẹn ló sì ń dùn mí jù. Ẹni tó gba ṣọ́ọ̀bù, tó san owó ilé ọdún kan sílẹ̀, tó gba ọmọṣẹ́, tó jẹ gbèsè ọjà tó wà lórí pẹpẹ, gbogbo rẹ̀ ló rọ̀ mọ́ ìwé kan ṣoṣo tó fi férémù gbé kọ́ ara ògiri. Bí o bá pe ìwé yẹn ní oore, o ti pe owó iléèwé àwọn ọmọ rẹ̀ ní oore. Oore ni èèyàn ń gbà lọ́wọ́ ẹni láì bi í léèrè. Iṣẹ́ òòjọ́ kì í ṣe bẹ́ẹ̀.

Ọ̀rọ̀ Ceylon yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọ̀nà jíjìn fún wa. Privy Council kan náà ni òpin ẹjọ́ fún Èkó àti Ìbàdàn títí Nàìjíríà fi di orílẹ̀-èdè olómìnira aláàrẹ ní 1963. Ohun tí wọ́n bá sọ nípa oníṣòwò aṣọ ní Colombo, òun ni agbẹjọ́rò ìjọba máa gbé síwájú adájọ́ níbí pẹ̀lú.

Ìdájọ́ náà kò sì jábọ́ láti ọ̀run. Ní 1718, yunifásítì Cambridge gba oyè lọ́wọ́ Richard Bentley, ọ̀mọ̀wé tó jinlẹ̀, tó sì lágídí, láì pè é kó wá sọ tirẹ̀. Ní 1723, ilé ẹjọ́ ní kí wọ́n dá oyè rẹ̀ padà. Ọ̀kan nínú àwọn adájọ́ rán wọn létí pé Ọlọ́run tó rí ohun gbogbo pàápàá kọ́kọ́ pe Ádámù, ó bi í bóyá ó jẹ nínú èso igi náà, kó tó lé e kúrò nínú ọgbà. Ní 1863 ni ẹjọ́ Cooper wá dé. Òfin Lọ́ńdọ̀nù ní kí ẹni tó bá fẹ́ kọ́lé fi tó ìgbìmọ̀ àdúgbò létí ní ọjọ́ méje ṣáájú. Ìgbìmọ̀ Wandsworth ní Cooper kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ilé náà ti dé àjà kejì nígbà tí wọ́n rán àwọn òṣìṣẹ́ lọ, tí wọ́n wó o palẹ̀. Òfin fún wọn lágbára láti wó o. Kò sí ibì kan nínú rẹ̀ tó ti ní kí wọ́n kọ́kọ́ pe onílé. Síbẹ̀ adájọ́ Byles ní bí àwọn aṣòfin kò tilẹ̀ mẹ́nu ba ìgbẹ́jọ́, òdodo inú òfin àtayébáyé yóò dí àlàfo náà fún wọn. Ohun tí adájọ́ àgbà Erle sọ ló wọ̀ mí lọ́kàn jù: ó ní ìgbìmọ̀ náà fúnra rẹ̀ ni ì bá jèrè níbẹ̀ ká ní ó gbọ́ tẹnu onílé. Ẹni tí kò béèrè kò lè mọ̀.

Ẹni tó bá dàgbà ní ilẹ̀ Yorùbá kò nílò Byles kó tó mọ èyí. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Láàárín àwọn Ẹ̀gbá àti Ìjẹ̀bú, àwọn Pàràkòyí ló ń rí sí ọ̀rọ̀ ọjà àti ìjà àwọn oníṣòwò, ẹni tó mú ẹjọ́ wá àti ẹni tí wọ́n pè lẹ́jọ́ a sì wà níbẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó sọ ẹni tó jẹ̀bi. Mi ò ní gbogbo ìdájọ́ wọn tọ́. Ẹni tí kò ní alátìlẹ́yìn láàfin mọ bó ṣe máa ń rí. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá tilẹ̀ fẹ́ rẹ́ ọ jẹ, ojú rẹ ni wọ́n á ti ṣe é, ìwọ náà á sì lè sọ fún àwọn tó dúró yíká pé ẹ wo ohun tí wọ́n ṣe fún mi.

Ó ṣeé ṣe kí èèyàn rò pé ẹnì kan ló dìde lọ́jọ́ kan tó ní ẹ̀tọ́ yìí ti parí. Kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ rí. Díẹ̀díẹ̀ ló ń tán, gbogbo ìgbésẹ̀ tí wọ́n sì gbé ló ní ìdí tó dà bíi pé ó dára. Ní 1911, Lord Loreburn ṣì lè sọ pé ẹnikẹ́ni tó bá máa pinnu ohunkóhun, ojúṣe rẹ̀ ni láti fi òótọ́ inú gbọ́ ti ìhà méjèèjì. Ọdún mẹ́rin péré lẹ́yìn náà ni House of Lords, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà náà, dá ẹjọ́ Arlidge. Àwọn aláṣẹ Hampstead ti ilé kan pa, wọ́n ní kò yẹ fún ọmọ ènìyàn láti gbé. Onílé gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí iwájú ilé iṣẹ́ ìjọba tó ń ṣàbójútó àwọn aláṣẹ ìbílẹ̀. Wọ́n rán òṣìṣẹ́ ayẹ̀wò kan síbẹ̀. Ó gbọ́ ohun tí wọ́n sọ, ó wo ilé náà, ó padà lọ kọ ìjábọ̀. Arlidge ní òun fẹ́ rí ìjábọ̀ náà, kí òun sì lè bá ẹni tó máa pinnu sọ̀rọ̀. Wọ́n ní rárá. House of Lords fara mọ́ wọn: ilé iṣẹ́ ìjọba ní bó ṣe ń ṣiṣẹ́ tirẹ̀, wọn kò lè ní kó máa ṣe bí ilé ẹjọ́.

Ó dùn létí. Ìjọba tó ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ilé láti yẹ̀ wò kò lè sọ gbogbo yàrá di kóòtù. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó bá a rìn. Ìwé tó dá ẹjọ́ onílé wà nínú fáìlì tí òun fúnra rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ ṣí. Bí òṣìṣẹ́ náà bá kọ pé omi ń jò láti òrùlé, tó sì jẹ́ pé wọ́n ti tún òrùlé ṣe lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, onílé kò ní mọ̀ pé ọ̀rọ̀ òrùlé ló yẹ kóun dáhùn sí. Wọ́n fún un láyè láti sọ̀rọ̀, wọn kò sọ ohun tó máa sọ̀rọ̀ lé lórí fún un. Lójú tèmi, ibí gan-an ni etí ti bẹ̀rẹ̀ sí í di, kì í ṣe ọdún 1950.

Ìgbésẹ̀ tó tẹ̀ lé e kéré débi pé àwọn amòfin nìkan ló kíyè sí i. Ní 1924, Lord Atkin, nínú ẹjọ́ àwọn kọmíṣọ́nnà iná mànàmáná, sọ pé ilé ẹjọ́ lè yẹ ìpinnu ẹnikẹ́ni wò tó bá ní àṣẹ lábẹ́ òfin láti pinnu ohun tó kan ẹ̀tọ́ àwọn ará ìlú, tí ojúṣe rẹ̀ sì jẹ́ láti ṣe bí adájọ́. Ẹni tó bá ka ìdájọ́ náà láti òkè délẹ̀ á rí i pé apá kejì gbólóhùn náà ti inú apá àkọ́kọ́ jáde: nígbà tí agbára rẹ bá kan ẹ̀tọ́ ẹlòmíì, ojúṣe yẹn ti wà lọ́rùn rẹ. Ní 1928 ni Lord Hewart, adájọ́ àgbà ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gé gbólóhùn náà sí méjì. Ó ní kò tó kí agbára ẹnì kan kan ẹ̀tọ́ ènìyàn. Ó tún gbọ́dọ̀ jẹ́ pé òfin gbé iṣẹ́ adájọ́ lé e lórí lọ́tọ̀. Àwọn òfin láísẹ́ǹsì kì í kọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ẹni tó bá wá a kò ní rí i. Ìtumọ̀ Hewart yìí ni Radcliffe gbé ka iwájú nígbà tí ẹjọ́ Ceylon dé.

Àwọn ará Èkó ní ìdí láti ṣọ̀fọ̀ pé ọ̀rọ̀ Atkin gan-an ni wọ́n yí po bẹ́ẹ̀, torí òun ló sọ̀rọ̀ lórí ẹjọ́ Ọba Èṣùgbàyí Elékò. Ìjọba amúnisìn yọ Ọba náà lóyè, wọ́n sì lé e lọ sí Ọ̀yọ́ ní 1925, lábẹ́ òfin tó wà fún àwọn olóyè tí wọ́n bá rọ̀ lóyè. Ìjọba ní tó bá ti jẹ́ pé gómìnà ló fọwọ́ sí i, kò yẹ kí ilé ẹjọ́ tún máa wádìí bóyá Elékò jẹ́ olóyè tàbí bóyá àṣà ìbílẹ̀ ní kó kúrò nílùú. Ẹjọ́ náà lọ ó bọ̀ láàárín Èkó àti Lọ́ńdọ̀nù. Ní 1931, Atkin dáhùn pé kò sí òṣìṣẹ́ ìjọba tó lè fọwọ́ kan òmìnira tàbí ohun ìní ẹnì kan àyàfi tó bá lè dúró níwájú ilé ẹjọ́ kó sì fi hàn pé òfin ti òun lẹ́yìn, àti pé àwọn adájọ́ kò gbọ́dọ̀ sá fún un. Lọ́dún kan náà ni Ọba padà sí Èkó. Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, nínú ẹjọ́ Liversidge, tí wọ́n ń jiyàn bóyá ó tó kí mínísítà kan sọ pé òun ní ìdí láti fi ènìyàn sátìmọ́lé, Atkin nìkan nínú adájọ́ márùn-ún ló ní kò tó.

Ogun ló wá sọ láísẹ́ǹsì di oúnjẹ ojoojúmọ́ ìjọba. Aṣọ, ìrẹsì, epo, bébà, kò sí ohun tí wọn kò fi ìwé àṣẹ sé. Ní Èkó, ètò Pullen fi iye owó lé oúnjẹ lọ́jà, àwọn ìyá ọjà tí Àlímọ̀tù Pẹ̀lẹ́wùrà ṣe aṣáájú wọn sì ta kò ó títí wọ́n fi mú un kúrò ní 1945. Ogun parí, àmọ́ àṣà rẹ̀ kò parí. Òṣìṣẹ́ tó ti mọ̀ ọ́n lára láti fi lẹ́tà ìlà mẹ́ta ti ṣọ́ọ̀bù pa nígbà tí ọ̀tá wà lẹ́nu odi, òun náà ló ń ti í pa lọ́nà kan náà nígbà tí kò sí ọ̀tá mọ́. Ní 1953, wọ́n gba láísẹ́ǹsì awakọ̀ takisí kan ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n ní ó ń jẹ́ kí àwọn aṣẹ́wó fi ọkọ̀ rẹ̀ ṣòwò. Ó ní òun ní ẹlẹ́rìí; wọn kò fẹ́ gbọ́ ẹlẹ́rìí náà. Lord Goddard ní ọ̀gá ọlọ́pàá kò sí lábẹ́ dandan láti gbọ́ ẹnikẹ́ni, ìbáwí ló ń ṣe. Ẹjọ́ Nakkuda Ali ti ń bí ọmọ nìyẹn.

Ohun tó dá ọ̀rọ̀ náà dúró kì í ṣe ẹjọ́ oníṣọ́ọ̀bù. Ọ̀gá ọlọ́pàá Brighton ni, ọ̀gbẹ́ni Ridge, ẹni tí wọ́n dá sílẹ̀ nínú ẹ̀sùn ìdìtẹ̀, tí ìgbìmọ̀ ìlú sì lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ní 1958 láì kọ ẹ̀sùn kankan fún un, láì jẹ́ kó dúró níwájú wọn. Ní 1963, Lord Reid tú ìtàn yìí palẹ̀, títí dé Radcliffe. Ó fi hàn pé Hewart ṣi Atkin lóye, ó sì ní orí àṣìṣe yẹn ni wọ́n gbé ẹjọ́ Ceylon kà. Ẹni tó bá máa gba iṣẹ́, ohun ìní tàbí ipò lọ́wọ́ ènìyàn gbọ́dọ̀ sọ ẹ̀sùn fún un, kó sì gbọ́ èsì rẹ̀. Bó ṣe rọrùn tó nìyẹn. Ó gbà wọ́n ní nǹkan bí ọdún márùndínlógójì, láti 1928, kí wọ́n tó padà síbẹ̀.

Ọ̀pọ̀ ìwé òfin máa ń parí ìtàn náà síbẹ̀, bíi pé àrùn ti lọ. Mi ò gbà bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn 1963, ó ṣọ̀wọ́n kí adájọ́ tún sọ gbangba pé oore ni láísẹ́ǹsì. Àrùn náà kó lọ síbòmíì: wọ́n ń gbọ́ ẹjọ́ báyìí, ṣùgbọ́n etí tí wọ́n fi ń gbọ́ ọ ti di.

Ẹ wo ọjà Barnsley ní Yorkshire. Ọkùnrin kan ti ń tà níbẹ̀ fún nǹkan bí ọdún mẹ́fà. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan ní 1974, ọjà ti túká, wọ́n ti ti ilé ìtọ̀. Ó yà sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà kan, ó tọ̀ síbẹ̀. Òṣìṣẹ́ ìlú bá a wí, ọ̀rọ̀ líle sì tẹnu rẹ̀ jáde. Ọ̀gá ọjà gba láísẹ́ǹsì rẹ̀, ó ní kò gbọ́dọ̀ tà níbẹ̀ mọ́ títí ayé rẹ̀. Wọ́n fún un láyè láti pe ẹjọ́ síwájú ìgbìmọ̀. Nígbà tí ìgbìmọ̀ jókòó láti pinnu, ọ̀gá ọjà tó fẹ̀sùn kàn án wà láàárín wọn nínú yàrá náà, oníṣòwò sì wà níta. Ní 1976, ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, tí Lord Denning ṣe olórí rẹ̀, pa ìpinnu náà rẹ́. Wọ́n ní olùfisùn kò gbọ́dọ̀ jókòó ti adájọ́, ìyà náà sì ti pọ̀ ju ẹ̀ṣẹ̀ lọ. Gbogbo ìgbésẹ̀ ìgbẹ́jọ́ ni wọ́n gbé fún ọkùnrin yìí. Wọ́n pè é, wọ́n jẹ́ kó sọ̀rọ̀, wọ́n kọ̀wé sí i. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó jẹ́ ìgbẹ́jọ́.

Nàìjíríà ní èyí tó jọ ọ́. Lẹ́yìn rògbòdìyàn yunifásítì Màìdúgùrì ní 1983, igbákejì ọ̀gá àgbà yunifásítì náà ni wọ́n fi ṣe alága ìgbìmọ̀ tó wádìí àwọn akẹ́kọ̀ọ́, bẹ́ẹ̀ ilé tirẹ̀ wà lára ohun tí wọ́n bà jẹ́. Wọ́n lé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ náà. Nínú ẹjọ́ Garba, ní 1986, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà ní wọn kò rí ìgbẹ́jọ́ tó tọ́ gbà. Ìdájọ́ yìí dára gan-an. Mo sì fẹ́ kí gbogbo ọ̀gá ìjọba ìbílẹ̀ tó ń ti ṣọ́ọ̀bù pa máa rántí rẹ̀, nítorí òṣìṣẹ́ tó bá oníṣọ́ọ̀bù jà lórí owó ọwọ́ ẹ̀yìn ní àárọ̀, òun ló máa ń buwọ́ lu lẹ́tà ìfagilé ní ọ̀sán.

Àwọn ológun ní tiwọn kò tilẹ̀ fẹ́ ká dé ibi tí à á ti máa jiyàn nípa etí. Ní oṣù kẹrin 1970, nínú ẹjọ́ Lakanmi, tó wá láti ìwọ̀-oòrùn, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní ìjọba kò lè fi òfin gba dúkìá àwọn ènìyàn kan tí wọ́n dárúkọ, nítorí ìdájọ́ tí wọ́n fi aṣọ òfin bò nìyẹn. Kò pé oṣù kan tí ìjọba fi gbé òfin kejìdínlọ́gbọ̀n ọdún náà jáde, tó sọ ìdájọ́ yẹn di asán. Láti ìgbà náà títí di 1999, yàtọ̀ sí ọdún mẹ́rin ìjọba alágbádá Ṣàgàrí, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba kọ́ ẹ̀kọ́ kan dáadáa: pé àṣẹ tó ti jáde kì í padà. Àwọn tó kọ́ ẹ̀kọ́ náà ló di ọ̀gá ọ́fíìsì nígbà tí ìjọba alágbádá padà dé.

Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹta 2024, Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà kéde pé òun ti gba láísẹ́ǹsì àwọn ilé iṣẹ́ pààrọ̀ owó 4,173 lẹ́ẹ̀kan. Ohun tí gbogbo ayé rí kà ni pé wọ́n ṣẹ̀ sí ó kéré tán ọ̀kan nínú àwọn òfin wọ̀nyí: owó láísẹ́ǹsì tó yẹ kí wọ́n san, ìròyìn iṣẹ́ tó yẹ kí wọ́n máa fi ránṣẹ́, àti òfin tó de owó ìdọ̀tí. Báńkì ní ẹ̀tọ́ láti fọ ọjà dọ́là mọ́. Ẹni tó bá rí bí náírà ṣe já lulẹ̀ lọ́dún náà kò ní bá a jiyàn. Ṣùgbọ́n ẹ̀ṣẹ̀ mẹ́ta yìí kò jọra rárá. Ẹni tó pẹ́ san owó láísẹ́ǹsì àti ẹni tó ń bá àwọn jàgùdà fọ owó wà lábẹ́ gbólóhùn kan náà, oníbàárà tó bá rí orúkọ wọn nínú ìwé kò sì lè mọ èwo ni èwo. Ẹ̀sùn tí kò ní orúkọ tirẹ̀, báwo ni ènìyàn ṣe ń dáhùn sí i? Arlidge náà béèrè ohun tó jọ ọ́ ní 1915.

Àwọn kan á ní àkókò kò sí. Ó dáa, ẹ jẹ́ ká wo ibi tí àkókò kò ti sí lóòótọ́. Ní ìparí 2008, àwọn ọmọ ọwọ́ tó lé ní 80 kú ní Nàìjíríà nítorí oògùn eyín tí èròjà olóró diethylene glycol wọ inú rẹ̀. Kò sẹ́ni tó lórí pípé tó máa ní kí wọ́n kọ́kọ́ fún ẹni tó ń ta irú oògùn bẹ́ẹ̀ ní ọjọ́ mọ́kànlélógún kó fi ronú èsì. Kó wọn kúrò lórí pẹpẹ lónìí, ti ilẹ̀kùn pa lónìí. Èmi fúnra mi ni mo máa di àgádágodo náà mú fún wọn. Ṣùgbọ́n títi ilẹ̀kùn pa kí ikú má bàa jáde yàtọ̀ sí gbígba láísẹ́ǹsì lọ́wọ́ ènìyàn. Èyí àkọ́kọ́ ń dá ewu dúró. Èyí kejì ń sọ pé ẹni yìí jẹ̀bi, kò sì yẹ lẹ́ni tó lè tà mọ́. Fún èyí àkọ́kọ́, ewu nìkan tó. Fún èkejì, a ní láti mọ ẹni tó tà á fún un, bóyá ó mọ̀, bóyá ìwé ẹrù rẹ̀ pé, bóyá òun náà ni wọ́n tàn jẹ. Òun nìkan ló sì lè sọ ọ́. Ohun tí mo rí ni pé àwọn aláṣẹ máa ń fi ewu dá títì láre, tí títì náà bá sì ti di oṣù mẹ́fà, wọ́n á sọ ọ́ di ìfagilé láì gbọ́ ẹnikẹ́ni, torí ẹni tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ti tì fún oṣù mẹ́fà kò ní owó agbẹjọ́rò mọ́.

Lẹ́tà tó wọ́pọ̀ jù ní ìlú wa rí báyìí: bébà kan tí wọ́n fi gọ́ọ̀mù lẹ mọ́ ilẹ̀kùn ní ọjọ́ Ẹtì, lẹ́yìn tí báńkì àti ọ́fíìsì ti tì. Ó ní kí o wá sọ ìdí tí a kò fi ní gba láísẹ́ǹsì rẹ láàárín wákàtí 48. Kò sọ ẹni tó fẹ̀sùn kàn ọ́, kò sọ ọjọ́, kò sọ ohun tí òṣìṣẹ́ ayẹ̀wò rí. Lọ́jọ́ Ajé tí o bá dé ọ́fíìsì, wákàtí 48 ti pé, wọ́n á ní o kò fèsì. Ìwé ìròyìn á sì kọ ọ́ pé wọ́n fún un láǹfààní láti wí tẹnu rẹ̀.

Ìwé òfin wa ti 1999 kò fara mọ́ èyí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìwọ̀nba ènìyàn ló ń ka ìpín 36 kọjá ìlà àkọ́kọ́. Ìlà kejì rẹ̀ ni oníṣọ́ọ̀bù nílò jù. Ó gbà kí òfin gbé agbára ìpinnu lé ẹ̀ka ìjọba kan lọ́wọ́, àmọ́ ó fi nǹkan méjì dè é. Òfin náà gbọ́dọ̀ fún ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn láyè láti wí tẹnu rẹ̀ kí wọ́n tó pinnu, kì í ṣe lẹ́yìn tí wọ́n ti pinnu tán. Kò sì gbọ́dọ̀ sọ pé ìpinnu ẹ̀ka náà ni abẹ gé. Gbogbo òfin ìjọba ìbílẹ̀ lórí ṣọ́ọ̀bù, ilé ọtí, ilé oògùn àti ibi ìpa-ẹran ló yẹ kí a fi méjèèjì yìí wọ̀n. Ẹgbẹ́ àwọn ọlọ́jà tó bá ní owó díẹ̀ nínú àpò lè gba ẹ̀dà òfin ìbílẹ̀ wọn ní ọ́fíìsì káńsù, kí wọ́n gbé e fún agbẹjọ́rò, kí ó sì wá ìlà tó fún wọn láyè láti sọ̀rọ̀ ṣáájú ìfagilé. Níbi tí kò bá ti sí ìlà bẹ́ẹ̀, ilé ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀ ni kí wọ́n gbé òfin náà lọ, nígbà tí ṣọ́ọ̀bù gbogbo wọn ṣì wà ní ṣíṣí.